Ẹni Tí Wọ́n Wá Tọrọ ní Ìbẹ̀rẹ̀kòdó

Èmi Kíkẹ́lọmọ ni mo ṣe alárinà Aliyyah àti Adéníran, n ò sì ní jẹ́ kí ẹni tí kò sí níbẹ̀ máa bá mi ròyìn rẹ̀ mọ́. Etí mi ti kún. Wọ́n ní Aliyyah fi oògùn mú ọmọkùnrin náà. Wọ́n ní ìhòòhò ló wà lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ pàdé. Irọ́ tó jìnnà sí òótọ́ ni. Aṣọ wà lọ́rùn rẹ̀, kódà aṣọ méjì ló wọ̀ lọ́jọ́ náà, ó bọ́ ọ̀kan kó tó wọ èkejì, aṣọ méjì yẹn gan-an ló sì dá gbogbo wàhálà sílẹ̀.

Ìbejì ni Aliyyah. Ní Igbó-Ọrà tiwa, ìyẹn kì í ṣe ìròyìn. Ilé tí kò bá ní ìbejì la máa ń bi léèrè pé kí ló dé. Òun ni Kẹ́hìndé, Sàrátù sì ni Táyé. Sàrátù kò pẹ́ láyé, ọmọ ọwọ́ ni nígbà tó lọ. Àwa kì í sọ pé ìbejì kú. A ó ní ó lọ sí Èkó, ó lọ ṣòwò, kí èyí tó kù má baà tẹ̀ lé e. Ìyá wọn, Hàbíbàt, tí gbogbo wa ń pè ní Ìyá Ìbejì, tó ń ta ẹ̀gúsí, di ọ̀rọ̀ yìí mú ju bí gbogbo ìlú ti dì í mú lọ. Bí Iléyá bá ti ń bọ̀, aṣọ méjì ló ń rán, àwọ̀ kan náà, ìwọ̀n kan náà. Aliyyah á wọ tirẹ̀, ti Táyé á wọnú àpótí. Bí Aliyyah ṣe ń ga ni aṣọ inú àpótí náà ń gùn sí i. Kò sẹ́ni tó jẹ́ bi ìyá yìí pé ta ló fẹ́ wọ̀ ọ́.

Aliyyah ló wọ̀ ọ́. Nígbà tó kàwé iṣẹ́ ọnà jáde ní Ìbàdàn, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jí aṣọ inú àpótí mú lọ́kọ̀ọ̀kan. Á wọ ti Táyé, á kun ìdajì ojú rẹ̀ lẹ́fun, á ya ara rẹ̀ ní fọ́tò. Á tún wọ tirẹ̀, á ya òmíràn, á wá pa méjèèjì pọ̀ kí èèyàn máa wá èyí tí í ṣe òun. Nígbà tó yá, fọ́tò nìkan ò tó o mọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í jókòó fúnra rẹ̀ níwájú èrò, lórí bẹ́ǹṣì kan, kò ní sọ̀rọ̀, kò ní rẹ́rìn-ín, á fi àyè kan sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Wọ́n ti tìtorí iṣẹ́ yìí pè é lọ sí Èkó, wọ́n ti pè é dé Àkírà. Nílé, ìyá rẹ̀ yan án lódì nígbà tó mọ̀ pé aṣọ Táyé ń jáde síta.

Mo bi í lọ́jọ́ kan pé kí ló ń wá kiri. Ó ní, “Kíkẹ́, láti kékeré ni ẹ ti ń pè mí ní Kẹ́hìndé. Ẹ̀yìn ta ni mo dé? Gbogbo yín lẹ mọ ìdáhùn, èmi nìkan lẹ kò sọ fún.” Láti ọjọ́ náà n kò bi í mọ́.

Ọjọ́ tí à ń ṣe ayẹyẹ ìbejì nílùú ni Adéníran yọ. Aliyyah gbé bẹ́ǹṣì rẹ̀ sábẹ́ igi káṣú kan, èrò rọ̀gbà yí i ká. Adéníran ń kọ́ àwọn ọmọ Pólì ní Èrúwà níṣẹ́ wíwọn ilẹ̀. Òun àti àwọn akẹ́gbẹ́ rẹ̀ ló wá wòran. Oòrùn pa á, ó rí àyè lórí bẹ́ǹṣì, ó sì fìdí lé e. Gbogbo èrò ló pariwo. Ìyá arúgbó kan fọwọ́ lérí. Ọkùnrin náà fò dìde, ó wo àyè tó ṣófo náà, ó wo ojú Aliyyah tí kò yí, ó sì yé e. Ó dọ̀bálẹ̀, aṣọ funfun tó wọ̀ kan ilẹ̀. Àyè òfìfo yẹn ló dojú kọ.

Ó ní, “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Mi ò mọ̀ pé èèyàn wà níbẹ̀.”

Aliyyah tí kì í sọ̀rọ̀ lẹ́nu iṣẹ́, tí ẹfọn lè jẹ ẹ́ lójú kó má mira, ló dá a lóhùn. Ó ní, “Ó ní kò burú.”

Bí ọ̀rọ̀ wọn ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Kì í ṣe oògùn. Ọkùnrin kan ló bọ̀wọ̀ fún ẹni tí gbogbo wa ń fi Èkó bò mọ́lẹ̀, ọkàn obìnrin sì yọ́.

Nítorí pé ọmọ Èrúwà ni ọkọ mi, ṣọ́ọ̀bù ìdirun mi ní Pàkò, ní Igbó-Ọrà níbí, di ibi ìpàdé wọn. Ọ̀kadà Adéníran á dúró lẹ́nu ọ̀nà mi, á ní òun wá kí mi, bí ẹni pé irun ló fẹ́ dì. Bó bá bi Aliyyah pé ṣé àlàáfíà ni, á tún béèrè Táyé, bí èèyàn ṣe ń béèrè àna. Síbẹ̀ ọkàn Aliyyah ò balẹ̀. Á máa bi mí pé ṣé òun ló ń wò àbí ẹni inú fọ́tò. Mo ní kó bi í. Ó ní ẹ̀rù ìdáhùn ń ba òun. Ọmọbìnrin tí kò bẹ̀rù ojú ẹgbẹ̀rún èèyàn, ojú ẹnì kan ṣoṣo ló wá ń dẹ́rù bà á. Ohun tí ìfẹ́ ń fojú èèyàn rí nìyẹn.

Lẹ́yìn ọdún kan tí wọ́n ti jọ ń rìn, ọ̀kan nínú àwọn fọ́tò náà dé orí wọ́sáàpù àwọn ìyá ìjọ ní Èrúwà. Ẹ̀yin náà mọ bí irú rẹ̀ ṣe máa ń yára. Mọ́mì Edith, ìyá Adéníran, rí i. Ọ̀gá ilé-ìwé tó ti fẹ̀yìn tì ni, ìyá ẹgbẹ́ akọrin sì ni. Òun nìkan ló tọ́ Adéníran lẹ́yìn tí bàbá rẹ̀ kú. Ó rí ejìká tó wà níta, ó rí ẹfun lójú, ó ní òun ò tọ́ ọmọ kan ṣoṣo kí òun wá fà á lé olórìṣà lọ́wọ́. Wọ́n ní Mùsùlùmí lọmọ náà. Ó ní ìyẹn tún burú sí i. Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà dé etí Bàbá Mùkáílà, bàbá Aliyyah tó ń dáko lọ́nà Ayétẹ̀, kò bínú. Ó ní bí wọ́n bá fẹ́ ọmọ òun bó ṣe wà, àwọn á jókòó sọ ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn. Bí wọn ò bá fẹ́ ẹ bó ṣe wà, kì í ṣe ẹ̀sìn ni ìjà.

Ibi tí Adéníran ti ṣìṣe ni mo fẹ́ sọ yìí. Ó wọ ṣọ́ọ̀bù mi lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó jókòó ti Aliyyah, ó ń fi ọwọ́ ra ọwọ́.

Ó ní, “Ṣé o ò lè dáwọ́ rẹ̀ dúró díẹ̀? Títí a ó fi ṣe ìdáná tán. Kí Mọ́mì lè rí ẹ.”

Aliyyah wò ó títí. “Bí mo bá dáwọ́ dúró kí wọ́n lè rí mi, ta ni wọ́n rí?”

“Mi ò ní kó o pa á tì pátápátá.”

“Ìdajì lo ní kí n mú wá. Ìdajì ni mo ti ń jẹ́ látọjọ́ yìí, Níran. Mo rò pé ìwọ lo rí odindi.”

Ó jáde. Kò gbé fóònù rẹ̀ mọ́. Adéníran á dé, á jókòó nínú ṣọ́ọ̀bù mi láàárín àwọn oníbàárà, á máa wo ọ̀nà. Aliyyah náà rù, ó ń bi mí pé ta ló wá lónìí, kò sì ní dárúkọ. Mo bá a wí, mo bá ọkùnrin náà wí, àwọn méjèèjì kọ etí ikún sí mi. Bí alárinà bá ń rí owó-iṣẹ́ gbà ni, mi ì bá ti lówó lọ́wọ́.

Mọ́mì Edith ò mọ̀ pé wọ́n ń jà. Gẹ́gẹ́ bí a ṣe ń ṣe kí a tó gbà tàbí kí a tó kọ̀, ó rán ẹnì kan láti wádìí ilé náà wò, ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan tí wọ́n ń pè ní Màmá Bámiṣẹ́. Ìyá yẹn dé ilé Ìyá Ìbejì ní Ìbẹ̀rẹ̀kòdó bí ẹni tó fẹ́ ra ẹ̀gúsí. Iléyá ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá ni, Ìyá Ìbejì sì kó aṣọ inú àpótí sóòrùn. Màmá Bámiṣẹ́ rí káftáànì aláró méjì lórí okùn, bákan náà, wọ́n gùn dé ilẹ̀. Ó ní àwọn wo ló ni ín. Ìyá Ìbejì dáhùn bó ṣe máa ń dáhùn: ọ̀kan jẹ́ ti Kẹ́hìndé, èkejì jẹ́ ti Táyé. Táyé ńkọ́? Ó wà ní Èkó. Iṣẹ́ wo ló ń ṣe? Òwò ni. Màmá Bámiṣẹ́ ra ẹ̀gúsí rẹ̀, ó sì gbé ìròyìn ayọ̀ lọ sí Èrúwà.

Mọ́mì Edith ránṣẹ́ pè mí. Ó bu ìpékeré síwájú mi, ó rẹ́rìn-ín sí mi, mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ń bọ̀.

Ó ní, “Ìyàwó wa, Olúwa ti la ọ̀nà. Níran ní ojú ọmọ yẹn ni kò jẹ́ kí òun gbádùn. Ojú kan náà wà ní Èkó. Ó ń wọ aṣọ tó bo ẹsẹ̀, ó ń ṣòwò, kò sẹ́ni tó rí fọ́tò rẹ̀ rí. Ẹ bá mi tọrọ Táyé. Ẹ má tíì sọ fún Níran.”

Mo dá ìpékeré ọwọ́ mi padà sínú àwo. Ẹ má bi mí pé kí ló dé tí n ò là á mọ́lẹ̀ fún un. Ọ̀rọ̀ tí ìyá ọmọ ò fẹnu ara rẹ̀ sọ rí, ṣé èmi ló yẹ kí n sọ ọ́ ní pálọ̀ Èrúwà? Ohun tí mo rí sọ kò ju pé àbúrò ni Táyé jẹ́ nílẹ̀ Yorùbá, Kẹ́hìndé ló rán an wá tọ́ ayé wò, àbúrò kì í sì í wọlé ọkọ ṣáájú ẹ̀gbọ́n. Ó ní ayé ti lajú. Mo dìde. Inú ń bí mi, àánú rẹ̀ sì ń ṣe mí.

Bí a bá rán ni níṣẹ́, à á jẹ́ ẹ. Mo bá Ìyá Ìbejì lẹ́yìnkùlé níbi tó ti ń bó ẹ̀gúsí, mo kúnlẹ̀, mo jíṣẹ́ náà bí wọ́n ṣe rán mi. Mo rò pé yóò lé mi jáde. Ó bó ẹ̀gúsí kan, ó bó òmíràn.

“Ó ti tó ẹni tó ń lọ sílé ọkọ, àbí?” ló wí.

“Ó ti tó bẹ́ẹ̀, Màámi.”

“Gbogbo yín lẹ mọ̀ ọ́n sọ pé ó wà ní Èkó. Kò sẹ́ni tó bi mí rí pé ṣé ó ti rí ọkọ fẹ́.” Ó wá fi etí ìró nu ojú. “Kò sẹ́ni tó tọrọ ọmọ mi yẹn rí.”

Èmi náà sunkún, n ò tijú. Ìgbà tí mo gbójú sókè, Aliyyah ti dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ti gbọ́ gbogbo rẹ̀. Òun nìkan ni omi ò sí lójú rẹ̀.

Ó ní, “Kíkẹ́, sọ fún wọn pé Táyé ń bọ̀ lọ́jọ́ Sátidé.”

Mo ní kí ló fẹ́ lọ ṣe. Ó ní iṣẹ́ òun ni.

Mo wo ìyá rẹ̀, mo ń retí ìjà. Ìyá Ìbejì gbọn èèpo ẹ̀gúsí kúrò lára, ó wọ yàrá, ó sì mú káftáànì Táyé jáde. Ó fọwọ́ ara rẹ̀ gbé e lé ejìká ọmọ rẹ̀, ó ń nà án, ó ń tún ọrùn rẹ̀ ṣe.

“Lọ́tẹ̀ yìí, o ò jí i,” ló wí. “Èmi ni mo fún ẹ. Mo sì ń bá ẹ lọ.”

Nígbà tó di Sátidé, àwa mẹ́ta wọkọ̀ lọ sí Èrúwà. Aliyyah ò kun ẹfun kankan. Ó wé ìborùn, ó wolẹ̀, ìrìn rẹ̀ yí padà pátápátá. Èmi tí mo mọ̀ ọ́n láti jẹ́lé-ó-sinmi, mo ń wò ó tìfura-tìfura. Mọ́mì Edith gbà wá tọwọ́tẹsẹ̀. Ó ní kí n wo bó ṣe ń rọra jókòó. Ó bu ìrẹsì fún wa, ó fi ẹran tó tóbi jù sí ti àlejò rẹ̀. Ó bi í pé ṣé kì í kun nǹkan sára bíi ti ẹnì kejì rẹ̀. Ó ní òun ò kun nǹkan kan sára rí. Ó bi í pé ṣé ó fẹ́ràn ọmọdé. Ó ní ọmọdé nìkan ni òun mọ̀. Inú Mọ́mì dùn dé ìdí. Ó pariwo pe Adéníran láti ẹ̀yìn pé kó wá kí àlejò.

Ọkùnrin náà wọlé, ó sì dúró. Ó ti mọ̀ ọ́n. Ó wo Ìyá Ìbejì, ó wò mí, mo gbójú kúrò. Ìyá rẹ̀ ní, “Táyé rèé. Wò ó dáadáa.” Bó bá pè é ní Aliyyah, eré ti bàjẹ́. Bó bá rẹ́rìn-ín, gbogbo rẹ̀ ti parí láàárín wọn, mo mọ ọ̀rẹ́ mi.

Adéníran bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ níwájú rẹ̀. “Táyé, ẹ kú àbọ̀,” ló wí. “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi jíṣẹ́ fún Aliyyah. Mo ní kó fi iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ kí ìyá mi lè gbà á. Ẹ sọ fún un pé ojo ló sọ ọ̀rọ̀ yẹn. Kó má fi sílẹ̀. Bí kò bá tiẹ̀ fẹ́ mi mọ́, kó má fi sílẹ̀.”

Aliyyah fi ṣíbí sílẹ̀, ṣùgbọ́n kò gbójú sókè. “Mà á jíṣẹ́ fún un,” ló dáhùn. Mo sọ nínú mi pé Táyé ti gba iṣẹ́ alárinà lọ́wọ́ mi.

Ọ̀rọ̀ náà ò yé Mọ́mì Edith. Ó ní òun mú èyí tó dáa wá, ọmọ òun tún ń ránṣẹ́ sí tọ̀hún. Ó ní kí Táyé má dá a lóhùn, kó sọ ọjọ́ tó ń padà sí Èkó.

“Mi ò dé Èkó rí, mà.”

“Ìyá rẹ ló sọ bẹ́ẹ̀ fún ẹni tí mo rán.”

Ìyá Ìbejì gbé abọ́ rẹ̀ sílẹ̀. “Ìyá Adéníran, irọ́ ni mo pa fún un. Irọ́ tí mo ti ń pa tipẹ́ ni. Táyé mi kú. Ibà ló pa á lórí ẹsẹ̀ mi. Kò tíì mọ̀ ọ́n rìn.”

N ò gbọ́ irú ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu rẹ̀ rí láti ìgbà tí mo ti gbọ́njú. Aliyyah náà ò gbọ́ ọ rí. Ó yíjú sí ìyá rẹ̀, ó gbá a lọ́wọ́ mú, ó sì dì í mú bẹ́ẹ̀.

“Ta wá nìyí?” Ohùn Mọ́mì Edith ti lọ sílẹ̀.

“Aliyyah ni, mà.” Ó ká ìborùn kúrò lórí. “Ẹ ní mo mọ̀ ọ́n jókòó. Ẹ fún mi lẹ́ran tó tóbi. Iṣẹ́ tí ẹ ní kí n fi sílẹ̀ ni mo ń ṣe lójú yín látìgbà tí mo ti wọlé.”

“Ẹ wá fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ nínú ilé mi.”

“Rárá, mà. Ẹ̀yin lẹ tọrọ òkú nítorí pé ààyè ò wù yín. Mo ní kí ẹ rí ẹni tí ẹ tọrọ.”

Mo fọwọ́ bo ẹnu. A kì í sọ irú rẹ̀ fún àgbà, òun náà mọ̀, ó sì ti sọ ọ́. Mọ́mì Edith wọ yàrá, ó pa ilẹ̀kùn dé. A dìde, a ń wọ bàtà ní ìta. Adéníran náà ń wọ tirẹ̀. Aliyyah ní òun ò wá gba ọmọ lọ́wọ́ ìyá. Adéníran ní òun ń sìn wá délé ni, òun á padà wá bá ìyá òun, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí òun bá Táyé sọ, òun ò ní yí i padà. Aliyyah wò ó, gbogbo bí ó ṣe ti ṣàárò rẹ̀ hàn lójú rẹ̀, èmi ni mo fi wọ́n sílẹ̀ tí mo ń wo ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà.

Ilẹ̀kùn ṣí. Mọ́mì Edith jáde láìwé gèlè, ojú rẹ̀ ti wú. Ọ̀dọ̀ Ìyá Ìbejì ló kọ́kọ́ lọ. Ó ní kó dárí ji òun, òun ò mọ̀ ni.

Ìyá Ìbejì ní, “Ẹ ò ṣẹ̀ mí. Ẹ̀yin nìkan lẹ tọrọ rẹ̀.”

Wọ́n dúró bẹ́ẹ̀, ìyá méjì, wọn ò mọ ibi tí wọn ó fọwọ́ sí. Mọ́mì Edith wá kọjú sí Aliyyah.

“Iṣẹ́ yẹn ò wù mí o.”

“Kò di dandan kó wù yín, mà.”

“O ò ní fi sílẹ̀?”

“Mi ò ní fi sílẹ̀.”

“Bí mo bá ní mi ò gbà ńkọ́?”

“Mà á máa ṣe é ní Ìbẹ̀rẹ̀kòdó, mà. Mà á sì máa fẹ́ràn ọmọ yín láti ibẹ̀.”

Obìnrin náà wò ó láti orí dé ẹsẹ̀, káftáànì Táyé àti ojú Kẹ́hìndé. Ó mí kanlẹ̀. Ó ní àwọn ẹbí òun máa béèrè, òun sì gbọ́dọ̀ rí nǹkan sọ fún wọn. Ta ni kí òun ní ọmọ òun fẹ́ gbé níyàwó, Kẹ́hìndé ni àbí Táyé?

“Àwa méjèèjì ni, mà,” Aliyyah dáhùn. “Mi ò tún ní fi í sílẹ̀ lẹ́yìn.”

Mọ́mì Edith kúrò lẹ́nu ọ̀nà, ó di ilẹ̀kùn mú. Ojú Aliyyah nìkan ló ń wò.

“Ẹ padà wọlé, ẹ̀yin méjèèjì,” ló wí. “Oúnjẹ yín ti ń tutù.”